Fíìmù ìṣẹ́jú méje nípa etíkun Ìlàjẹ: ṣé kí n fi ilé tí òkun gbé lọ sí i?

Akámẹ́rà Lágéré

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n àti àbúrò. Ọ̀rọ̀ mi gùn díẹ̀, ẹ fara balẹ̀ fún mi.

Ṣọ́ọ̀bù mi wà ní Lágéré, n'Ilé-Ifẹ̀ níbí. Ìgbéyàwó, ìkómọ, òkú àgbà, oyè jíjẹ, ìyẹn ni mo fi ń bọ́ ọmọ. Àwọn ọmọ Ìlàjẹ kan tí wọ́n ń gbé Ifẹ̀ ló wá bá mi pé kí n ṣe fíìmù kékeré kan fún àwọn, láti Aráròmí lọ dé ìhà Ayétòrò àti Àwóyè, káyé lè mọ̀ pé etíkun tí Yorùbá ní kò pin sí Èkó. Ìṣẹ́jú méje péré. Wọn ò fẹ́ ẹni tí yóò máa sọ̀rọ̀ lábẹ́ àwòrán, wọn ò fẹ́ orin aláriwo, wọn ò fẹ́ òṣèré. Ọmọ wọn kan tó wà ní yunifásítì ló sọ fún wọn pé experimental ni kí wọ́n ṣe, pé ìyẹn ni wọ́n ń gbà níbi àjọ̀dún fíìmù lókè òkun. Mo bi alága wọn pé kí ni experimental yìí gan-an. Ó ní èmi lòun ń retí pé kí n ṣàlàyé ẹ̀ fóun. Mo dákẹ́. Wọ́n ti san àsansílẹ̀.

Mo ti lọ ya díẹ̀ níbẹ̀. A gba Oǹdó, a gba Òrè, a yà sí Òkìtìpupa, Igbókòdá la ti fi mọ́tò sílẹ̀ tá a wọ ọkọ̀ ojú omi. Mo rí àwọn obìnrin tí ń yan ẹja nínú èéfín, mo rí ọmọ kékeré tó ń fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ lọ síléèwé, mo rí ilé orí òpó tí omi ń gba abẹ́ ẹ̀ kọjá. Gbogbo ẹ̀ dára lójú. Ṣùgbọ́n kí n má parọ́, mo ti rí irú ẹ̀ lórí kàlẹ́ńdà rí.

Èyí tó dá mi dúró ni ti Ayétòrò. Ìyá àgbà kan dúró létí omi, ó ń nàka sínú òkun fún mi. "Ibẹ̀ yẹn nilé ìdáná. Ibẹ̀ yẹn ni yàrá ọkọ mi. Kànga wa nìyẹn, níbi tí ìgbì ti ń fọ́ yẹn." Ó ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń mú àlejò yí ilé ká. Mo fi kámẹ́rà tẹ̀ lé ìka ẹ̀. Omi nìkan ló wà níbẹ̀, àti òpó iná kan tó dá dúró láìsí wáyà lára ẹ̀.

Mo fi han alága àtàwọn méjì míì. Alága ní, "A ní kẹ́ ẹ bá wa pe àlejò, ẹ wá lọ ń fi sàréè hàn wọ́n." Ọ̀kan nínú àwọn méjì yòókù, ìyá oníṣòwò edé kan, bú sẹ́kún, ó ní bí wọ́n bá yọ ibẹ̀ kúrò, òun ò dáwó mọ́. Bí ìpàdé ṣe tú nìyẹn.

Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ rèé. Fíìmù tí wọ́n fi ń polówó ìlú, ṣé ibi tó ń dun ìlú lè wà nínú ẹ̀? Bí kò bá sì sí ìtàn, tí kò sí ọ̀rọ̀, kí ni mo máa fi gbé ìṣẹ́jú méje dúró tí kò fi ní sú èèyàn? Ẹ bá mi dá sí ti ohùn náà. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ ba gbogbo ohùn tí mo gbà jẹ́, iyọ̀ sì ti fẹ́ máa jẹ kámẹ́rà mi.

Aláwọ̀ Ewé

Dróònù, ẹ̀gbọ́n. Ẹ gbé e sókè, ẹ fi yí etíkun po, ẹ fi orin tútù sábẹ́ ẹ̀. Ìṣẹ́jú méje ti pé.

Bàbá Kámẹ́rà, Iléṣà

Aláwọ̀ Ewé, jókòó jẹ́ẹ́. Kí dróònù tó gbéra nílẹ̀ yìí, ó gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ láti ọ́fíìsì olùdámọ̀ràn ààbò orílẹ̀-èdè, kó tún gba ti àwọn tó ń ṣàkóso ọkọ̀ òfurufú. Ilẹ̀ epo rọ̀bì sì ni etíkun yẹn, àwọn ológun ojú omi ń ṣọ́ ọ. Ẹ má ti ọmọ ọlọ́mọ sí àtìmọ́lé. Àti pé láti òkè lọ́hùn-ún, gbogbo etíkun ayé ló jọra.

Akámẹ́rà, ọmọ mi, iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ni mo ti fẹ̀yìn tì, Iléṣà ni mo wà báyìí, mò ń tọ́jú kòkó díẹ̀. Ohun tí wọ́n ní kó o ṣe yìí, fíìmù tó ń fi àwòrán àti ohùn nìkan sọ̀rọ̀ láìsí ìtàn, ti pẹ́ láyé. Lọ́dún 1930, ọmọ Faransé kan tó ń jẹ́ Jean Vigo, tí kò tíì pé ọgbọ̀n ọdún, ṣe fíìmù kékeré aláìlóhùn nípa Nice, ìlú etíkun tí àwọn olówó ti ń lọ gbafẹ́. Ó ya àwọn olówó níbi tí wọ́n ti ń yá oòrùn, ó wọ àdúgbò àwọn tálákà lọ, ó sì gé méjèèjì mọ́ra wọn. Boris Kaufman ló bá a gbé kámẹ́rà. Ìyẹn kì í ṣe ìpolówó o, èébú ló fẹ́ẹ̀ jẹ́.

Ṣùgbọ́n gbọ́ èyí. Lọ́dún 1958, iléeṣẹ́ ìrìn-àjò afẹ́ ti ìjọba Faransé fúnra ẹ̀ ló gbé owó fún obìnrin kan, Agnès Varda, pé kó ya etíkun gúúsù wọn níbẹ̀, èyí tí Nice wà nínú ẹ̀. Ó gba owó, ó ya á, ó sì ń fi àwọn àlejò tó wá gbafẹ́ ṣe yẹ̀yẹ́ nínú ẹ̀. Síbẹ̀, àwọ̀ fíìmù náà dùn ún wò débi pé ẹni tó bá wò ó á ṣì fẹ́ lọ. Torí náà, má jẹ̀ẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn ọ́ pé ẹni tó bá ti gba owó ìpolówó gbọ́dọ̀ parọ́.

Ó ku bó o ṣe máa gbé e dúró. O ń wá ìtàn, òkun sì ní aago tiẹ̀. Létíkun wa, omi máa ń kún lẹ́ẹ̀mejì láàárín ọjọ́ kan, á sì fà lẹ́ẹ̀mejì. Láti ìgbà tó bá fà tán dìgbà tó máa kún tán, wákàtí mẹ́fà àti ìṣẹ́jú díẹ̀ ni. Òṣùpá ló ń ṣe é, ìdí nìyẹn tí àkókò ẹ̀ fi ń sún síwájú ní bí àádọ́ta ìṣẹ́jú lójoojúmọ́. Béèrè lọ́wọ́ apẹja èyíkéyìí níbẹ̀, á sọ ti ọ̀la fún ọ láìwo ìwé.

Wá mú ibì kan ṣoṣo, ibi tí òpó iná yẹn wà. Nígbà tí omi bá fà, ri tírípọ́ọ̀dù mọ́lẹ̀ sí òkè ibi tí omi ò lè dé, má sì fọwọ́ kàn án mọ́. Jẹ́ kí kámẹ́rà máa ya àwòrán kan ní ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá-mẹ́wàá. Wákàtí mẹ́fà á fún ọ ní àwòrán 2,160. Bó o bá ń fi 25 hàn ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ó máa fẹ́ẹ̀ tó ìṣẹ́jú kan ààbọ̀. Gé e sí mẹ́fà tàbí méje, kó o sì ki àwọn nǹkan tó kù sáàárín wọn, ẹja o, èéfín o, ọmọ tó ń tukọ̀ o. Gbogbo ìgbà tá a bá padà sídìí òpó, omi ti ga sí i. Kò sẹ́ni tó máa sọ pé omi ń bọ̀. Ẹni tó ń wò á rí i fúnra ẹ̀. Nígbà tí ìyá yẹn bá wá nàka, ká ti mọ ohun tó ń nàka sí. Alága ẹ ò tún ní lè pè é ní sàréè, torí pé lẹ́yìn ìyẹn ni wàá jẹ́ kí omi bẹ̀rẹ̀ sí í fà padà, àwọn ọkọ̀ á sì jáde.

Ìmọ́lẹ̀: ìhà gúúsù ìwọ̀-oòrùn ni etíkun ibẹ̀ kọjú sí. Ní àárọ̀, ẹ̀yìn ẹ ni oòrùn máa wà bó o bá kọjú sí òkun, àwọ̀ omi á jáde dáadáa. Nírọ̀lẹ́, oòrùn á wà níwájú ẹ, gbogbo ènìyàn á dúdú bí òjìji. Lo méjèèjì, ṣùgbọ́n mọ èyí tó o ń lò. Ilẹ̀ kì í sì pẹ́ ṣú lọ́dọ̀ wa, kì í ṣe bíi ti òyìnbó tí ìrọ̀lẹ́ ń gbé wákàtí méjì. Bó o bá lọ ní ìgbà ọyẹ́, gbogbo nǹkan á funfun bí ẹ̀kọ, ó lè dára, ó sì lè bà á jẹ́.

Ìyá yẹn ńkọ́? Ìka ẹ̀ nìkan ni kó o fi hàn. Yọ ohùn ẹ̀ kúrò. Wọ́n ní àwọn ò fẹ́ ọ̀rọ̀.

Ọmọ Ayétòrò ní Mọ́dákẹ́kẹ́

Ẹ kú ọgbọ́n, Bàbá. Ti omi tẹ́ ẹ sọ yẹn, mo gbà á. Èyí tẹ́ ẹ wá sọ kẹ́yìn ni mi ò gbà.

Ọmọ Ayétòrò ni mí lọ́dọ̀ ìyá mi. Àwọn tó bá kan mẹ́nu ba ìlú wa lónìí, omi tó ń jẹ ẹ́ nìkan ni wọ́n mọ̀. Ìlú tí wọ́n tẹ̀ dó lọ́dún 1947 ni o. Àwọn onígbàgbọ́ tí wọ́n ń pe ara wọn ní Àpọ́sítélì Mímọ́ ló tẹ̀ ẹ́ dó, lẹ́yìn tí wọ́n ti fojú winá lọ́wọ́ àwọn tó kórìíra ẹ̀sìn wọn. Wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́, àpò kan náà ni gbogbo owó ń wọ̀, inú ẹ̀ ni wọ́n ti ń bọ́ gbogbo ìlú. Wọ́n ní iléeṣẹ́ tiwọn, wọ́n ń kan ọkọ̀ ojú omi tiwọn, àwọn onímọ̀ sì ń ti òkè òkun wá jókòó tì wọ́n láti kọ ìwé nípa wọn. "Ìlú Ayọ̀" ni wọ́n ń pè é kárí ayé nígbà yẹn. Ibi tí ìyá yẹn ń nàka sí kì í ṣe ilé ìdáná lásán. Ṣé ẹ wá fẹ́ gé ohùn ẹ̀ kúrò, kó ku ìka? Ẹni tí òkun ti gba ilé lọ́wọ́ ẹ̀, kámẹ́rà náà á tún wá gba ẹnu ẹ̀.

Bọ̀dá Akámẹ́rà, ẹ fi ohùn ẹ̀ sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta yẹn péré, ilé ìdáná, yàrá, kànga. Ẹ má túmọ̀ ẹ̀, ẹ má kọ nǹkan kan sísàlẹ̀ àwòrán. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ pé àwọn ò fẹ́ ni ti oníwàásù, kì í ṣe ti onílé. Kẹ́ ẹ tó fi han ẹnikẹ́ni mọ́, ẹ gbé e padà lọ fún ìyá náà kó kọ́kọ́ wò ó.

Nǹkan méjì míì. Àkọ́kọ́, ẹ má lọ wá yanrìn funfun kiri. Yanrìn wà ní Aráròmí lóòótọ́, ibẹ̀ ṣeé ṣeré dáadáa, ṣùgbọ́n bẹ́ ẹ bá ti kọjá Ayétòrò sí ìhà Àwóyè, ẹrẹ̀ ni etíkun wa. Ẹrẹ̀ dúdú tó ń dán, tí ẹsẹ̀ ń rì sí. Àwọn tó ń polówó máa ń sá fún un, wọ́n á lọ wá àwòrán igi àgbọn láti íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹ ya ẹrẹ̀ náà. Nígbà tí omi bá ṣẹ̀ṣẹ̀ fà kúrò lórí ẹ̀, tí ìmọ́lẹ̀ àárọ̀ sì bọ́ sí i, mi ò tíì ríbi tó jọ ọ́. Ẹ ya púpúrú náà, oúnjẹ wa tá a fi ẹ̀gẹ́ ṣe, nígbà tí wọ́n bá ń yan án, tó rí róbótó tí ara ẹ̀ ti dúdú, tí wọ́n wá ń họ ọ́ kó tó funfun. Èèyàn tí kò mọ̀ ọ́n ò ní mọ ohun tó ń wò, á sì fẹ́ mọ̀.

Ìkejì: ẹ lọ rí àwọn àgbà. Ọmọ Ifẹ̀ lẹ jẹ́, Ìlàjẹ lẹ̀ ń lọ. Àwọn ará Ùgbò ní Ìlàjẹ sọ pé àwọn ni Ìgbò tí Ifẹ̀ ń pìtàn pé Mọremí tú àṣírí wọn, tí wọ́n fi ìtufù jó aṣọ ìkó wọn. Ẹ̀yin ń ṣọdún Èdì lórí ẹ̀, wọ́n ní ìtàn tiwọn. Bẹ́ ẹ bá lọ ya ẹni tó wọ ìkó, tàbí iná tó ń jó ìkó, torí pé ó dára lójú, wọ́n á ní ẹ tún wá ṣẹ́gun àwọn lẹ́ẹ̀kejì. Ẹ béèrè kẹ́ ẹ tó tan kámẹ́rà, lọ́dọ̀ Olúgbò níhà Ùgbò, lọ́dọ̀ Amapetu níhà Màhín, lọ́dọ̀ ọba ìlú ní Ayétòrò.

Ṣadé Eléré

Ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Ẹ̀kọ́ eré ìtàgé ni mò ń kọ́ ní yunifásítì Ifẹ̀ níbí. (Èmi kọ́ ni ọmọ tó ní kí wọ́n ṣe experimental o, kẹ́nikẹ́ni má bínú sí mi.)

Ẹ̀gbọ́n Akámẹ́rà, ti ohùn. Fóòmù dúdú tí wọ́n ń tà mọ́ máíkì kò lè dá afẹ́fẹ́ òkun dúró. Èyí tó ní irun bí awọ ewúrẹ́ lẹ máa fi bò ó. Bẹ́ ẹ ò bá rówó ẹ̀, awọ onírun àtọwọ́dá tí wọ́n fi ń ṣe tẹ́dì ọmọdé, ẹ gé e, ẹ rán an bí ìbọ̀sẹ̀. Ẹ dúró sẹ́yìn ògiri tàbí ọkọ̀ tí wọ́n dojú ẹ̀ délẹ̀ nígbà tẹ́ ẹ bá ń gba ìgbì, ohùn ìgbì á ṣì wọlé.

Èyí tó dára jù tí mo mọ̀, ẹ lọ ra píẹ́sò, àwo kékeré pẹlẹbẹ aláwọ̀ idẹ tó máa ń wà nínú káàdì ìkíni tó ń kọrin, kò wọ́n. Ẹ jó wáyà mọ́ ọn kẹ́ ẹ lè kì í sínú ẹ̀rọ tẹ́ ẹ fi ń gba ohùn, kẹ́ ẹ wá fi sẹ́lótéèpù lẹ̀ ẹ́ mọ́ inú igi ọkọ̀. Kì í fẹ́ẹ̀ gbọ́ afẹ́fẹ́, ohun tó ń mi igi ló ń gbọ́. Omi tó ń gbá ìdí ọkọ̀, àjẹ̀ tó ń kan etí ọkọ̀, ẹsẹ̀ ẹni tó ń dìde. Ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ òpó ilé pẹ̀lú. Ohùn yẹn nìkan lè gbé ìṣẹ́jú méje láìsí orin.

Mo ní àbá kan, bóyá ẹ ò ní fẹ́ràn ẹ̀. Ifẹ̀ jìnnà sí òkun, Olókun sì ní igbó níbí. Ibẹ̀ ni Leo Frobenius dé lọ́dún 1910 tó rí orí idẹ tí wọ́n ń pè ní orí Olókun. Ibẹ̀ náà ni àwọn awalẹ̀pìtàn ti fi hàn pé àwọn baba ńlá wa fúnra wọn ló ń po dígí, tí wọ́n fi ń ṣe ìlẹ̀kẹ̀, kí òyìnbó tó dé. Ẹ̀yin ẹ fi sẹ̀gi kan bẹ̀rẹ̀, àwọ̀ búlúù ẹ̀ á bo gbogbo ojú àwòrán, ká wá rí i pé òkun ti ni.

Ọmọ Ayétòrò ní Mọ́dákẹ́kẹ́

Àbúrò mi Ṣadé, ti píẹ́sò yẹn gọntíọ. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin ará Ifẹ̀, ẹ ò lè ṣe kí nǹkan kan má bẹ̀rẹ̀ láti Ifẹ̀? Àwọn Ìlàjẹ ló dáwó. Ẹ jẹ́ kó bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ wọn fún ìṣẹ́jú méje péré.

Ṣadé Eléré

😂 Mo gbà. Ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n. Mo máa tọ́jú sẹ̀gi mi fún fíìmù tèmi.

Bàbá Kámẹ́rà, Iléṣà

Ọmọ Ayétòrò, o ti dá mi lẹ́kun ti ohùn yẹn. Kó fi í sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀kan ni, kó má máa pa dà sí i.

Akámẹ́rà, ti iyọ̀. Má fi aṣọ gbígbẹ nu ojú lẹ́ńsì létí òkun láé. Hóró iyọ̀ ló wà lójú ẹ̀, á họ ọ́. Aṣọ rírọ̀ tó o fi omi mímu rẹ díẹ̀ ni kó o kọ́kọ́ fi pa á, kó o tó fi gbígbẹ nù ún. Dé dígí funfun kan mọ́ ẹnu lẹ́ńsì kó máa jìyà fún un. Má pààrọ̀ lẹ́ńsì níta, wọlé lọ ṣe é. Bó o bá dé ilé, fi kámẹ́rà sínú ike tó ní ìdérí, pẹ̀lú àwọn àpò kékeré tó máa ń wà nínú páálí bàtà tuntun, kó sùn mọ́jú níbẹ̀. Tírípọ́ọ̀dù ńkọ́, tú ẹsẹ̀ ẹ̀ ká, kó o fi omi mímu fọ̀ ọ́, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ á gan.

Akámẹ́rà Lágéré

Ẹ ṣeun, ẹ ṣeun. Mo ti ka gbogbo ẹ̀ sókè fún ìyàwó mi, ó ní ọ̀rọ̀ yìí ti ju fíìmù ìgbéyàwó lọ, pé ṣé owó ẹ̀ náà jù ú? Kò jù ú.

Mo lọ bá alága láàárọ̀ yìí. Mi ò fi àwòrán kankan hàn án. Mo kàn fi bébà tí mo ya nǹkan sí han án: òpó, omi ní ẹsẹ̀ òpó, omi ga sí i, omi kún tán, ìka ìyá, omi ń fà, ọkọ̀ ń jáde. Ó wò ó títí. Ó ní, "Ọkọ̀ mélòó ló máa jáde?" Mo ní gbogbo èyí tó bá wà níbẹ̀. Ó ní kò burú, àmọ́ kí n jẹ́ kí wọ́n pọ̀, òun á bá àwọn apẹja sọ̀rọ̀. Ìyá oníṣòwò edé ti ní òun máa bá mi dé Ayétòrò, òun mọ ìyá àgbà yẹn, ìbátan ọkọ òun ni. Ó tún ní àwọn máa fi púpúrú àti ọbẹ̀ ẹja dá mi dúró lọ́hùn-ún, mi ò sì ní sọ pé rárá.

Ohun kan ló kù. Tírípọ́ọ̀dù mi fúyẹ́, ti inú gbọ̀ngàn ni. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ á mì ín, kò lè dúró gbọin fún wákàtí mẹ́fà. Ta ló ní èyí tó wúwo tí mo lè yá tàbí kí n rẹ́ńtì?

Bàbá Kámẹ́rà, Iléṣà

Tèmi wà ní yàrá ẹ̀yìn, onígi ni, irú èyí tá à ń lò nígbà fíìmù, méjì nínú ẹ ló máa gbé e. Wá lọ́jọ́ Sátidé, má wá láàárọ̀, oko ni mo máa wà. Mi ò gba owó. Àpò iyanrìn méjì ni kó o rọ̀ mọ́ abẹ́ ẹ̀ bó o bá dé ibẹ̀. Bó o bá sì jẹ́ kí omi iyọ̀ kan igi yẹn, ìwọ àti alága ẹ lẹ máa ra òmíràn fún mi.